Bí Ìyádùnní Ṣe Sọ Àwọn Ọjọ́ Etí-Iyọ̀ Lórúkọ

Ogójì ènìyàn ni omi gbé lọ ní ọ̀sán ọjọ́ kan ṣoṣo ní Etí-Iyọ̀, gbogbo wọn ló sì jẹ́ ará àdúgbò Ìsàlẹ̀. Iyọ̀ ni wọ́n ń ha lórí pápá, wọn kò bá omi ṣeré. Ní ayé tí à ń wí yìí, òṣùpá méjì ló wà lójú ọ̀run, Ìyá àti Ọmọ. Bí Ọmọ bá ti wọ ẹ̀yìn Ìyá, òkun a ru, a bo gbogbo pápá iyọ̀ mọ́lẹ̀, a gbá ohun tó bá bá níbẹ̀, a sì padà. Nítorí náà ni wọ́n ṣe ń pè é ní Agbálọ. Ogójì ọjọ́ gbáko ló máa ń fi ìlú sílẹ̀. Ọjọ́ tó bá tẹ̀ lé e, ó dé. Àdúgbò méjèèjì, Òkè àti Ìsàlẹ̀, ló ní awòṣù tirẹ̀ tẹ́lẹ̀, ìyẹn àgbàlagbà tó ń wo òṣùpá, tó sì ń kéde ọjọ́ omi. Ṣùgbọ́n nígbà tí awòṣù Ìsàlẹ̀ kú, ọba ní ẹyọ kan tó fún ìlú, kí ti Òkè máa ṣe é lọ. Ìgbà àkọ́kọ́ tí Ìsàlẹ̀ gbára lé ìkéde rẹ̀ ni ikú pa ogójì.

Ìyádùnní Àsàbí ló gbé ìkéde náà dé Ìsàlẹ̀. Ọmọ Òkè ni, Adélákun ará Ìsàlẹ̀ ló fẹ́ ẹ. Obìnrin tí ẹsẹ̀ rẹ̀ le, tí ọwọ́ rẹ̀ yá, àwọn olóríkì a máa kì í ní Àsàbí a-rìn-lórí-iyọ̀-má-yọ̀. Ara ìyá rẹ̀ kò yá nígbà náà, ibi tó ti ń padà gòkè lọ tọ́jú rẹ̀ ni òun àti ọkọ rẹ̀ ti pàdé lọ́nà. Ó ní, “Bàbá awòṣù kéde lónìí pé ọjọ́ kẹsàn-án ni omi ń bọ̀ o, ẹ má gbàgbé.” Adélákun ní, “Mo gbọ́, bá mi kí Màmá.” Ọ̀rọ̀ tí wọ́n bá ara wọn sọ kẹ́yìn nìyẹn.

Ìsàlẹ̀ ní Òkè ló dìtẹ̀ pa àwọn èèyàn náà. Wọ́n ní wọ́n fi aya Adélákun rán ikú sí àwọn. Ọdẹ́rìndé, ẹ̀gbọ́n Adélákun, olórí Ìsàlẹ̀, ránṣẹ́ sí Balógun Òkè pé kí wọ́n pàdé lójú pápá ogun ní ọjọ́ karùn-ún. Ìyádùnní kò sùn, kò jẹun dáadáa. Ọkàn rẹ̀ ń dá a lẹ́bi, àárò ọkọ rẹ̀ ń sọ ọ́, ó sì mọ̀ pé àwọn ará ilé bàbá òun àti ti ọkọ òun ni wọ́n fẹ́ bẹ́ ara wọn lórí. Láti àárọ̀ ọjọ́ tí òun kà sí ìkarùn-ún ló ti lọ jókòó sí ẹ̀gbẹ́ pápá náà. Òkè dé pẹ̀lú ọ̀kọ̀ àti apata. Wọn kò rí ẹnì kankan. Wọ́n dúró títí oòrùn fi kanrí, wọ́n fi Ìsàlẹ̀ ṣẹ̀sín pé ẹ̀rù ti mú wọn gbé ilé, wọ́n sì padà. Ìyádùnní kò kúrò níbẹ̀. Nígbà tí ilẹ̀ ọjọ́ kejì mọ́, Ìsàlẹ̀ dé, àwọn náà kò rí ẹnì kankan. Àwọn náà fi Òkè rẹ́rìn-ín. Obìnrin náà wò wọ́n, ẹ̀rín fẹ́ pa á, kó tó mọ̀, ẹkún ló ń sun.

Ọdẹ́rìndé ní bí Òkè kò bá jáde, àwọn yóò bá wọn nílé. Ní ẹnubodè Òkè, nígbà tí ọ̀kọ̀ ti gòkè lọ́tùn-ún lósì, Ìyádùnní sá bọ́ sáàárín.

“Ìyàwó, kúrò lọ́nà!” Ọdẹ́rìndé ló pariwo.

“N kò ní kúrò. Ẹ̀yin ọkọ mi, ẹ̀yin bàbá mi, kò sẹ́ni tó sá. Nílé tí wọ́n bí mi sí, ọjọ́ tí a bá ń sọ̀rọ̀ gan-an ni ọjọ́ kìn-ín-ní. Nílé ọkọ mi, ọ̀la ni wọ́n ti ń bẹ̀rẹ̀ sí í kà. Ohun tí kò jẹ́ kí ẹ pàdé lójú ogun nìyẹn. Ọjọ́ kẹsàn-án tí mo sọ fún Adélákun, mo sọ ọ́ bí ọmọ Òkè, ó gbọ́ ọ bí ọmọ Ìsàlẹ̀, omi sì bá a lọ́jọ́ kẹjọ tirẹ̀. Ẹnu mi yìí ló pa ọkọ mi, àmọ́ kò purọ́. Bí ẹ bá fẹ́ pa èèyàn, èmi rèé.”

Balógun Òkè ní, “Ó dáa, ta ni yóò fi kíkà tirẹ̀ sílẹ̀ fún ẹnì kejì? A kò ní fi tiwa sílẹ̀.”

“Àwa náà kò ní fi tiwa sílẹ̀,” Ọdẹ́rìndé dáhùn.

“Ẹ má kà á mọ́,” ni Ìyádùnní wí. “Orúkọ ni ká máa pè é. Ogójì ọjọ́ la ní, ogójì èèyàn la pàdánù. Ẹni tó bá ní òun ń bọ̀ lọ́jọ́ Adélákun, ta ni yóò ṣì í gbọ́?”

Ọ̀kọ̀ wálẹ̀. Ọba fọwọ́ sí i, wọ́n sì pín orúkọ àwọn òkú fún ogójì ọjọ́ náà. Ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó tó bẹ́ẹ̀ láti sọ̀ kalẹ̀ sórí pápá iyọ̀, nítorí ẹ̀rù omi ń bà wọ́n. Ìyádùnní nìkan ló gbé agbọ̀n, ló ń ha iyọ̀ lójoojúmọ́, tí gbogbo ìlú ń wò ó láti òkè, títí ó fi ku ọjọ́ kan ṣoṣo kí omi dé. Ọ̀sán ọjọ́ náà ló gòkè wá pẹ̀lú agbọ̀n tó kún. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, Agbálọ dé, kò rí ẹnì kankan gbé.

Láti ìgbà náà ni Etí-Iyọ̀ kò ti ní ọjọ́ kẹsàn-án tàbí ìkarùn-ún mọ́. Ọjọ́ omi nìkan ni kò ní orúkọ, nítorí Ìyádùnní kọ̀ kí wọ́n fi orúkọ èèyàn òun pe ọjọ́ tó pa á. Ó fi orúkọ ọkọ rẹ̀ sí ọjọ́ tó ṣáájú rẹ̀, ọjọ́ tí gbogbo ènìyàn gbọ́dọ̀ kúrò lórí pápá. Lónìí, bí ọjọ́ náà bá ti dé, Òkè àti Ìsàlẹ̀ a jọ dúró sí etí pápá, wọn a máa ké e sí àwọn tó wà nísàlẹ̀ pé, “Adélákun! Adélákun! Máa bọ̀ nílé!”