Pí-Ẹ́ẹ̀mù Òkun

Bí o bá dé Sẹ́ńgẹ́ríkì, ìlú kékeré kan tó rọ̀ mọ́ etí òkun ní àríwá ilẹ̀ Faransé, tí o sì jókòó láàrin ìwọ̀nba Yorùbá tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀, ṣọ́ra kí o má sọ pé o mọ nǹkan ju bí o ṣe mọ̀ ọ́n lọ. Kò sẹ́ni tí yóò bá ọ jiyàn. Ẹnì kan yóò kàn rọra wí pé, "Pí-ẹ́ẹ̀mù rẹ kọ́ ni pí-ẹ́ẹ̀mù òkun," àwọn tó kù yóò sì rẹ́rìn-ín sínú. Tú gbogbo òwe tí bàbá rẹ fi sílẹ̀ fún ọ wò, o kò ní í bá a níbẹ̀. Ìgbà wo ni òkun ra aago?

Láníhùn ló fà á, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò ní in lọ́kàn.

Ọmọ Abẹ́òkúta ni. Ọdún mẹ́ta ló ti fi ń to ẹja sínú agolo nílé iṣẹ́ kan ní ìlú náà, èdè Faransé tó gbọ́ kò sì ju èyí tí ọ̀gá iṣẹ́ fi ń jágbe mọ́ wọn lọ: gbé e, sọ̀ ọ́, kíá. Ṣùgbọ́n bí ó bá ń mú àlejò rìn kiri, o ò ní í gbà pé kì í ṣe òun ló fi ìpìlẹ̀ ìlú lélẹ̀. Kò sí òkúta tí kò ní ìtàn lẹ́nu rẹ̀. Èyí tí kò bá mọ̀, á dá a sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀.

Nígbà tí ìyá ìyàwó rẹ̀ wá kí wọn láti Ìjẹ̀bú-Igbó, inú Láníhùn dùn ju ti ọmọ tí obìnrin náà bí lọ. Màmá yìí ti fi ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ṣe olùkọ́ kí ó tó fẹ̀yìntì. Eékún rẹ̀ ọ̀tún kò gbọ́ràn sí i lẹ́nu mọ́, ṣùgbọ́n ìwé àkọsílẹ̀ kan kì í kúrò lọ́wọ́ rẹ̀. Lọ́jọ́ Sátidé tí Moríyikẹ́, ìyàwó Láníhùn, ń lọ síbi iṣẹ́, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà.

"Má mú Màmá rìn jìnnà o. Ibi tí o kò bá sì mọ̀, béèrè."

"Èmi?" ni Láníhùn wí. "Kí n béèrè kí ni?"

Wọ́n gba òkè lọ, níbi tí àwọn ilé olókúta ti fara ti ara wọn bí àgbà tí òtútù ń mú. Láníhùn fi ihò ọta ìbọn lára ògiri ṣọ́ọ̀ṣì han Màmá, ó ní torí ẹyẹlé ni wọ́n ṣe gbẹ́ ẹ. Ó fi ilé gíga tó ń tanná fún àwọn ọkọ̀ ojú omi hàn án, ó ní ọba kan ló kọ́ ọ fún olorì rẹ̀ tó ń bẹ̀rù òkùnkùn. Màmá ń kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Láníhùn rí i, ọ̀rọ̀ sì túbọ̀ ń dùn lẹ́nu rẹ̀.

Wọ́n dé etí omi. Òkun ti fà sẹ́yìn réré. Ọ̀nà olókúta tẹ́ẹ́rẹ́ kan la iyanrìn kọjá lọ sí orí àpáta pẹrẹsẹ kan, àgbélébùú olókúta kan ṣoṣo ló dúró lórí rẹ̀. Lẹ́nu ọ̀nà náà, wọ́n fi ẹfun kọ nǹkan sára pátákó: B.M. 10.20, P.M. 4.30.

"Kí ni èyí ń wí?" ni Màmá bi í.

"Àkókò tí ọ̀nà máa ń ṣí ni, Màmá. B.M., bífọ̀ mídé, ìyẹn àárọ̀. P.M., ọ̀sán. A ó gba ti àárọ̀ lọ, a ó gba ti ọ̀sán bọ̀."

"A.M. la fi ń kọ́ àwọn ọmọ níléèwé tiwa."

"Faransé nìyí, Màmá. Tiwọn yàtọ̀."

Màmá kọ ìyẹn náà sílẹ̀.

Eékún mú kí wọ́n pẹ́ lọ́nà. Nígbà tí wọ́n débẹ̀, Màmá ka ohun tí wọ́n gbẹ́ sára àgbélébùú náà. "Ta ni ó ń jẹ́ Fẹ́ẹ̀fù?"

"Ọba ni. Jagunjagun gidi. Orí àpáta yìí ló ti máa ń dájọ́."

Wọ́n jókòó, wọ́n jẹ búrẹ́dì àti ẹja díndín. Láìpẹ́, arúgbó obìnrin Faransé kan tó wọ aṣọ dúdú gba ibẹ̀ kọjá, ó gbé apẹ̀rẹ̀ ìṣáwùrú òkun, ó fa réèkì lọ́wọ́, ó ń lọ sílé. Ó nawọ́ sí òkun, ó sọ̀rọ̀ wàràwàrà. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni Láníhùn dá mọ̀ níbẹ̀: "mọ́ńtì," tí wọ́n máa ń wí níbi iṣẹ́ bí ènìyàn bá fẹ́ gun àtẹ̀gùn.

"Kí ló wí?"

"Ó ní ká gun òkè díẹ̀ sí i, ká lè rí òkun dáadáa."

Arúgbó náà lọ, ó wẹ̀yìn, ó tún kígbe: "Fíìtì! Fíìtì!"

"Ìyẹn ńkọ́?"

"Ó ń kí wa ni."

Ṣùgbọ́n Láníhùn mọ ọ̀rọ̀ yẹn. Ojoojúmọ́ ni ọ̀gá iṣẹ́ ń fi í lé e kiri. Kíá ni. Kí ló kan arúgbó tí kò mọ̀ wọ́n rí nínú pé kí wọ́n ṣe kíá? Ó gun ìdí àgbélébùú náà bí ẹni tó ń gbafẹ́, ó sì wo ìsàlẹ̀.

Omi náà kò pariwo. Ó ń bọ̀ lápá ọ̀tún, ó ń bọ̀ lápá òsì, ó ń kún àwọn kòtò inú iyanrìn níkọ̀ọ̀kan bí ẹni ń bu ẹ̀kọ sáwo. Láníhùn fa ọwọ́ aṣọ rẹ̀ sókè. Ó wo aago: aago méjìlá ọ̀sán ṣẹ̀ṣẹ̀ kọjá ni.

"Láníhùn, òkun yìí ń lọ ni àbí ó ń bọ̀?"

"Ó ń… ó ń sinmi, Màmá. Tó bá di aago mẹ́rin ààbọ̀, ọ̀nà á tún ṣí."

Màmá dìde, ó fọwọ́ kan àgbélébùú náà. Ewé òkun tútù so mọ́ ọn láti ìdí títí kọjá ibi tí orí Láníhùn dé.

"Ta ló gbin èyí síbí?"

Láníhùn wo ewé náà. Láti ìgbà tí wọ́n ti dé ló ti wà níwájú rẹ̀. Irọ́ kan ti ṣe tán lẹ́nu rẹ̀, pé ọjọ́ àjọ̀dún Ọba Fẹ́ẹ̀fù ni wọ́n máa ń fi ewé ṣe é lọ́ṣọ̀ọ́. Irọ́ náà dùn. Bí ó bá pa á, Màmá lè kọ ọ́ sílẹ̀, kí àwọn méjèèjì sì jókòó máa retí aago mẹ́rin ààbọ̀.

"N kò ní kí o sọ ìtàn," ni Màmá wí. "Ṣé o mọ̀ ni, àbí o kò mọ̀?"

Láníhùn wo eékún Màmá. Ó wo ọ̀nà. Òkúta àárín rẹ̀ ti ń rì.

"N kò mọ̀, Màmá."

"Ó tó. Bẹ̀rẹ̀ kí o pọ̀n mí."

Omi dé orúnkún Láníhùn, ó dé itan. Níbi tí ọ̀nà ti pòórá pátápátá, arúgbó náà ti padà wá pàdé wọn, ó ń fi igi réèkì gún omi wá òkúta. Láníhùn fẹ́ gba ọ̀kánkán lọ sí èbúté. Obìnrin náà ti réèkì bọ ibẹ̀, kò kanlẹ̀. Láti ìgbà náà, ibi tó bá tẹ̀ nìkan ni Láníhùn ń tẹ̀. Màmá di ọrùn rẹ̀ mú débi tí èémí Láníhùn fi ń já. Omi dé ìbàdí. Lẹ́yìn náà ó padà sí itan, ó padà sí orúnkún.

Ní etí òkun, arúgbó náà gbá pátákó náà lójú. Ó nàka sí P.M., ó tún wí "mọ́ńtì," ó gbé ọwọ́ rẹ̀ sókè kọjá orí: òkun kíkún. Ó nàka sí B.M., ó rẹ ọwọ́ náà sílẹ̀ dé iyanrìn: òkun fífà. Láníhùn, tí ojú ń tì, nàka sí àpáta, ó ní, "Fẹ́ẹ̀fù?" Obìnrin náà fi òrùka ìgbéyàwó ọwọ́ rẹ̀ hàn án, ó nawọ́ sí òkun, ó sì fọwọ́ kan aṣọ dúdú ara rẹ̀.

"Opó," ni Màmá wí wẹ́rẹ́. "Àpáta Àwọn Opó ni."

Nígbà tó di aago mẹ́rin ààbọ̀, wọ́n wà lórí odi ìlú. Ṣóńṣó àgbélébùú náà nìkan ló yọ lójú omi.

Lọ́jọ́ kejì, àwọn Yorùbá ìlú wá kí Màmá. Oúnjẹ kò tíì délẹ̀ tí Láníhùn ti bẹ̀rẹ̀: "Ní tòótọ́, mo ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé omi yẹn…"

Màmá ń ṣa ẹ̀wà lọ́wọ́. Kò gbójú sókè. "Láníhùn, pí-ẹ́ẹ̀mù rẹ kọ́ ni pí-ẹ́ẹ̀mù òkun."

"Kí ni ìtumọ̀ ìyẹn, Màmá?" ni àwọn àlejò béèrè.

"Ẹ má bi mí. Ẹni tó mọ ìlú jókòó tì yín."

Ni Láníhùn bá ṣàlàyé, láti orí pátákó dórí ewé òkun, dórí òrùka arúgbó. Nínú gbogbo ìtàn tó ti sọ nípa Sẹ́ńgẹ́ríkì, òun nìkan ni irọ́ kò sí nínú rẹ̀, òun nìkan náà sì ni ìlú gbà lẹ́nu rẹ̀ tí wọ́n ń sọ títí dòní.

Lẹ́tà tí wọ́n kọ́ ọ nílé, béèrè ohun tó ń jẹ́ níbi tí o dé, kí o tó fi mú ìyá ọlọ́mọ lọ sójú agbami. Pí-ẹ́ẹ̀mù rẹ kọ́ ni pí-ẹ́ẹ̀mù òkun.