Òkú Tó Wà Lábẹ́ Ọ̀pẹ Òkété

Ààlọ́ o!

Ààlọ̀!

Àlọ́ mi gbéra, ó kọjá odò, ó gba ọ̀nà oko lọ. Kò bà lé igi, kò bà lé òkúta, àfi orí Ìjàpá ọkọ Yánníbo, àti Òkété, àti ilẹ̀ kan tó kún fún ọ̀pẹ. Ẹ̀yin ọmọ, ẹ wo àyà Ìjàpá dáadáa nígbà tí ẹ bá tún rí i. Kí ló mú un tẹ́ pẹrẹsẹ bẹ́ẹ̀? Ẹ óò gbọ́.

Òkété ní ilẹ̀. Bàbá bàbá rẹ̀ ló kọ́kọ́ ṣán igbó ibẹ̀. Òun ló gbin ọ̀pẹ sí i, tó sì fi pèrègún pààlà yí i ká. Ibẹ̀ ni Òkété ń gbé, òun àti Àwẹ̀ró ìyàwó rẹ̀.

Ọdún kan, Ìjàpá wá. Kò ní oko, kò fẹ́ràn iṣẹ́ oko, ṣùgbọ́n ebi ń pa á.

"Òkété ọ̀rẹ́ mi, fún mi ní igun kékeré kan. Iṣu ni mo fẹ́ gbìn."

Àwẹ̀ró ní, "Baálé mi, ojú ẹni yìí kò tẹ́ mi lọ́rùn."

Òkété rẹ́rìn-ín. Ó fún Ìjàpá ní igun, ó sì ka òfin ilẹ̀ náà fún un. "Ohun tí a ń wà jẹ ni kí o gbìn. Má gbin igi. Má fọwọ́ kan ọ̀pẹ. Bí o bá kórè, mú iṣu wá fún mi, kó jẹ́ ìṣákọ́lẹ̀, kí gbogbo ayé lè mọ ẹni tó ni ilẹ̀."

"Mo gbọ́, olóore mi!"

Lọ́dọọdún, Ìjàpá ń ru iṣu wá. Èyí tó kéré jù ló ń mú wá, ṣùgbọ́n ó ń mú un wá.

Nígbà tó yá, àìsàn dá Àwẹ̀ró dùbúlẹ̀. Òkété wá egbò, ó já ewé. Àwẹ̀ró kú. Òkété sin ín sábẹ́ ọ̀pẹ tí obìnrin náà máa ń jókòó sí pa èkùrọ́. Lẹ́yìn náà ó wọ inú ihò rẹ̀ lọ, kò jáde mọ́. Ohùn tó fẹ́ gbọ́ kò sí níta.

Ìjàpá wò ó títí. "Hẹn-ẹn. Onílẹ̀ ń sunkún. Ẹni tó ń sunkún kò ríran."

Ó hú gbogbo pèrègún ààlà, ó kó wọn dà sódò. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ẹyìn. Ó di ẹyìn kún agbọ̀n, ó gbé e lọ sílé Ẹfọ̀n tó jẹ́ baálẹ̀. "Baálẹ̀, ẹ fi se ọbẹ̀. Láti oko mi ni."

Ọjọ́ tí Òkété jáde, Ìjàpá ló bá lẹ́nu ọ̀nà.

"Òkété, máa kó ẹrù rẹ. Mo ti ní sùúrù fún ọ tó."

"Ẹrù wo? Láti ibo lọ sí ibo?"

"Kúrò lórí ilẹ̀ mi."

"Ìjàpá, ṣé àwàdà lò ń ṣe?"

"Ta ní í bá ọlọ́fọ̀ ṣàwàdà? Ààlà rẹ dà? Pèrègún rẹ dà? Ẹni tó mọ ìgbà tí bàbá bàbá rẹ ṣán igbó, dárúkọ ẹyọ kan tó ṣì wà láyé."

Òkété wo yíká. Kò sí pèrègún. Àwọn àgbà tó mọ̀ ti kú tán. Ó wo ìdí ọ̀pẹ, ó rí ibojì Àwẹ̀ró. Ó lọ jókòó tì í, ó fẹ̀yìn ti ọ̀pẹ.

"N kò lọ."

"O óò lọ."

"Bí o bá fẹ́, gbẹ́ ilẹ̀ yí mi ká. N kò lọ."

Ó wá dá orin. Ẹ bá mi gbè é:

Wọ́n hú pèrègún mi,
*Mo wà níbẹ̀.*
Wọ́n ní kí n gbẹ́rù mi,
*Mo wà níbẹ̀.*
Ẹni mi sùn sílẹ̀ yìí,
*Mo wà níbẹ̀.*
Bí ilẹ̀ bá ṣí, kí n ṣí,
*Mo wà níbẹ̀.*

Ọ̀rọ̀ dé iwájú baálẹ̀. Gbogbo ẹranko pé. Ẹfọ̀n jókòó, epo ń dán létè rẹ̀.

"Òkété, ẹlẹ́rìí rẹ dà?"

"Wọ́n ti kú, Baálẹ̀. Ṣùgbọ́n ọdọọdún ni Ìjàpá ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún mi."

Ìjàpá pàtẹ́wọ́. "Ẹ gbọ́ o! Mo fún ọ̀rẹ́ níṣu jẹ, ó pè é ní ìṣákọ́lẹ̀! Baálẹ̀, tèmi ni ilẹ̀. Ohun tó wà lórí rẹ̀, tèmi. Ohun tó wà nínú rẹ̀, tèmi!"

Ẹfọ̀n fẹ́ dájọ́. Òkété dìde.

"Baálẹ̀, ẹ bá mi bi í. Òkú tó wà lábẹ́ ọ̀pẹ, ta ló ni ín?"

Gbogbo agbo yíjú sí Ìjàpá. Ta ni kò mọ̀ pé a kì í sin òkú ẹni sórí ilẹ̀ onílẹ̀? Bí Ìjàpá bá ní Òkété ló ni òkú, ilẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn. Ó họ orí.

"Èmi ni mo ni ín. Èmi ni mo sin ín."

"Kí ló jẹ́ sí ọ?"

"Ìyàwó mi ni!"

Yánníbo fò sókè láàrin èrò. "Ìyàwó ta ni? Ìjàpá, ìyàwó wo?"

"Yánníbo, jọ̀ọ́, panu mọ́. A óò sọ ọ́ nílé."

Òkété bojú wẹ̀yìn. "Ẹ̀yin àna mi, ẹ ti gbọ́ orúkọ ẹni tó fẹ́ ọmọ yín."

Àṣé ìdílé Àwẹ̀ró ti wà lẹ́yìn agbo, Òkété ló ránṣẹ́ pè wọ́n. Bàbá Àwẹ̀ró fi ọ̀pá tilẹ̀ jáde.

"Ọkọ ọmọ mi, a kò rí ọ rí o! Ṣé lórí ìdúró ni wọ́n ti ń kí àna nílé yín?"

Ìjàpá dọ̀bálẹ̀. Gbì!

"Ìyá rẹ̀ nìyí." Gbì! "Àwọn àbúrò ìyá rẹ̀ nìyí." Gbì! Gbì! Gbì! Ẹ sì mọ bí àwọn òkété ṣe ń bímọ. Bí wọ́n ṣe ń kọjá ni àwọn mìíràn ń yọ.

"Ọmọ ọwọ́ yìí ńkọ́? Àna rẹ ni òun náà."

Gbì! Ilẹ̀ òkúta sì ni iwájú ilé baálẹ̀.

"Ó ku àwọn tí kò lè wá," ni bàbá Àwẹ̀ró wí. "Lẹ́yìn wọn, ó ku ọ̀wẹ̀. Ọkọ ní í kọ ebè fún àna. O kò kọ ọ̀kan rí fún wa. Ọkọ́ rèé. Oko mi la ó ti bẹ̀rẹ̀, ká tó dé ti ìyá rẹ̀, ti àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀..."

Ìjàpá figbe ta látorí ìdọ̀bálẹ̀. "Ẹ gbà mí! N kò fẹ́ ẹnikẹ́ni! Òkété ló ni òkú!"

"Ilẹ̀ ńkọ́?" ni Òkété bi í.

"Òkété ló ni ín! Ìṣákọ́lẹ̀ ni mo ń san!"

Ẹfọ̀n yára nu ètè rẹ̀. "Òkété, mo fún ọ ní ilẹ̀ rẹ padà."

"Baálẹ̀, ẹ kò fún mi. Tèmi ni kí ẹ tó jẹ nínú ẹyìn rẹ̀."

Òkété gbin pèrègún tuntun. Ó pe gbogbo ọmọ ìdílé Àwẹ̀ró, ó mú wọn rin ààlà yíká. "Ẹ wò ó dáadáa. Bí mo bá kú, ẹ̀yin ni ẹnu tó máa sọ ọ́." Lẹ́yìn náà ó tu koríko ìdí ọ̀pẹ.

"Àwẹ̀ró," ni ó wí, "òótọ́ lo sọ nípa ojú rẹ̀."

Ìdí nìyí tí àyà Ìjàpá fi tẹ́ pẹrẹsẹ títí dòní: ìdọ̀bálẹ̀ fún àna tí kì í ṣe tirẹ̀ ló tẹ́ ẹ. Bó bá sì gbọ́ ẹsẹ̀ ẹnikẹ́ni, á fa orí sínú, á rò pé àna tó kù ló ń bọ̀.

Ibi tí àlọ́ mi fìdí lélẹ̀ sí nìyí. Bí mo bá purọ́ mọ́ Ìjàpá, kí pèrègún tí mo bá gbìn kú. Bí n kò bá purọ́, kó hù, kó yọ ewé. Ó hù àbí kò hù?

Ó hù!