Bí Àpáàdì Ṣe Gbé Iná Ìlámọ̀ Délé

Nígbà láéláé, nígbà tí ìkòkò ṣì ń dáhùn bí a bá kí i, tí igbá sì máa ń ráhùn bí a kò bá rọra gbé e kalẹ̀, ìlú kan wà tí à ń pè ní Ìlámọ̀. Odi rẹ̀ ga tó bẹ́ẹ̀ tí ewúrẹ́ inú ìlú kò mọ̀ pé igbó ń bẹ lóde. Ìkòkò ni wọ́n ń mọ níbẹ̀. Ọmọdé Ìlámọ̀ kò tíì mọ orúkọ bàbá rẹ̀ tán tí yóò ti mọ amọ̀ tó dára fún ìṣaasùn àti èyí tó dára fún àmù omi. Àwọn èèyàn ń rin ìrìn ọjọ́ mẹ́ta wá ra ìkòkò wọn, wọ́n á sì gbé e lérí padà láìkùn.

Ṣùgbọ́n ẹni tó bá mọ iṣẹ́ jù, ìgbéraga kì í jìnnà sí i. Àwọn ará Ìlámọ̀ ṣòfin kan pé ohunkóhun tó bá fọ́ kò gbọdọ̀ sùn mọ́jú nínú ìlú. Bí ìkòkò bá fọ́ láàárọ̀, kí oòrùn tó wọ̀, ó ti dé orí ààtàn lẹ́yìn odi. Wọn kò fẹ́ kí àlejò rí i pé ìkòkò Ìlámọ̀ ń fọ́. Bí ẹni pé ìkòkò kan wà láyé yìí tí kì í fọ́.

Orí ààtàn yẹn ni Àpáàdì wà. Kí òbúkọ méjì tó jà kọlù ú, ara àmù ńlá kan ni ó jẹ́ nílé Àwẹ̀ró, ìyá àgbà tó ń ṣọ́ iná ààfin. Ọdún mọ́kànlá ni àmù náà fi fún gbogbo agbo ilé ní omi tútù mu. Ọjọ́ tí ó fọ́, kò sẹ́ni tó kí i kú iṣẹ́. Wọ́n dà á sórí ààtàn, wọ́n gbọn ọwọ́, wọ́n bá tiwọn lọ. Ọ̀rọ̀ náà dun Àpáàdì dé egungun, bí ó bá jẹ́ pé àpáàdì ní egungun.

Àmọ́ orí ààtàn ga, ẹni tó bá wà níbẹ̀ a máa rí ọ̀nà jíjìn. Lójoojúmọ́ ni Àpáàdì ń wo àwọn amọ̀kòkò tí wọ́n ń wa amọ̀ létí odò, nítorí amọ̀ bèbè ló dán jù.

"Ẹ̀yin ará, ẹ rọra," ni ó ń wí fún wọn. "Bèbè tí ẹ̀ ń gbẹ́ yìí ni ògiri ilé odò. Bí ògiri bá lanu, onílé á jáde."

Ọ̀kan nínú wọn wò ó tẹ̀gàn-tẹ̀gàn. "Ìwọ tí o ò lè gba ara rẹ lọ́wọ́ òbúkọ, ìwọ lo fẹ́ kọ́ wa níṣẹ́?"

Wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n sì ń wa amọ̀ wọn lọ.

Ní ọdún tó tẹ̀lé e, òjò ńlá kan rọ̀. Odò gba ibi tí bèbè ti tín-ín-rín jáde, ó kọjú sí ìwọ̀-oòrùn, ó sì lọ láìdágbére fún ẹnikẹ́ni. Ìlú tó ní ìkòkò tó dára jù láyé kò wá ní omi tí yóò pọn sínú rẹ̀ mọ́.

Ọba ní kò sí bí a ti í ṣe é, àfi kí wọ́n tọ odò lọ. Wọ́n ránṣẹ́ sí Baálẹ̀ Ọdẹ́ṣọlá, ẹni tó ni ilẹ̀ tí odò gbà lọ. Baálẹ̀ fèsì padà.

"Ilẹ̀ ò ní tán, ẹ máa bọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ mọ àṣà. Bí ẹ bá gbé iná ààfin yín dé láàyè, ìlú ni yín, Ìlámọ̀ lẹ ó sì máa jẹ́ lọ. Bí ó bá wá jẹ́ pé iná mi lẹ ó fọn láti fi se oúnjẹ àkọ́kọ́, ará abúlé mi ni yín nìyẹn. Orúkọ tí mo bá sọ yín lẹ ó máa jẹ́."

Ẹ ò rí nǹkan. Iná tí àwọn baba ńlá wọn dá, tí kò kú rí láti ìgbà náà, bí ó bá kú lójú ọ̀nà, orúkọ Ìlámọ̀ bá a lọ nìyẹn. Ọba pe gbogbo ohun èlò jọ sí ààfin, ó bi wọ́n pé ta ni yóò gbé iná.

Agbọ̀n wo ilẹ̀. "Kábíyèsí, èmi àti iná kì í ṣe ọ̀rẹ́."

"Èmi lè gbé omi tí ẹ ó fi pa á," ni Igbá wí, "bí ọ̀rọ̀ bá dà bẹ́ẹ̀."

Ìkòkò ọba ló wá bọ́ síwájú, tó ń dán bí orí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fárí. "Ta lẹ tún ń wá? Èmi rèé tí n kò ní àbààwọ́n, tí n kò sì fọ́ rí."

Gbogbo wọn pàtẹ́wọ́ fún un. Àwẹ̀ró bu ẹyín iná sí i nínú, ìlú sì gbéra.

Bí wọ́n ti ń jáde lọ, Àwẹ̀ró kọjá lẹ́bàá ààtàn, ó dúró.

"Ẹ kú ìrìn o, ìyá," ni Àpáàdì wí. "Ẹ ti ń lọ nìyẹn."

"À ń lọ, àmù mi." Ojú ti Àwẹ̀ró. "Ọdún mọ́kànlá lo fi tọ́jú mi, mi ò sì ṣe ohun tó dáa sí ọ."

Ó wo iwájú, ó wo ẹ̀yìn, ó mú Àpáàdì, ó fi ọ̀já pọ̀n ọ́n bí ọmọ, ó sì da aṣọ bò ó. Ẹni tó bá bi í pé kí ló pọ̀n, á ní ẹ̀yìn ló ń dun òun. Òfin ìlú ló rú yẹn, ó sì mọ̀. Inú Àpáàdì dùn débi pé ó fẹ́rẹ̀ẹ́ kọrin, ó rántí pé àṣírí ni òun, ó pa ẹnu dé.

Ọjọ́ kìíní lọ dáadáa. Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, oòrùn mú, iná náà mú, ara Ìkòkò gbóná janjan. Níbẹ̀ ni òjò ti dé lójijì. Omi tútù kan ara gbígbóná, Ìkòkò dún "pàà", ó sì pín sí mẹ́ta. Ẹyín iná fọ́n ká sínú ẹrẹ̀, wọ́n sì ń kú lọ́kọ̀ọ̀kan. Agbọ̀n sá sẹ́yìn. Igbá dojú bolẹ̀. Ọba fúnra rẹ̀ bọ́ agbádá, ó fi ṣíji bo ìwọ̀nba tó kù, àmọ́ ilẹ̀ tútù kò dáwọ́ pípa á dúró.

"Ìyá, ẹ sọ̀ mí kalẹ̀," ni Àpáàdì wí láti ẹ̀yìn Àwẹ̀ró.

Àwẹ̀ró wo ẹyín iná tó ń kú lọ. Ogójì ọdún ló ti fi ń ṣọ́ iná yẹn. Ó tú ọ̀já.

"Ohun fífọ́ rèé níwájú ọba," ni ìjòyè kan wí.

"Ìkòkò tó wà nílẹ̀ yẹn ńkọ́," ni Àpáàdì bi í, "ṣé ó ṣì pé ni?"

Ọba wo Àpáàdì. "Odidi ìkòkò kò lè gbé iná yìí. Kí ló fi dá ọ lójú pé ìwọ á lè gbé e?"

"Kábíyèsí, ìkòkò ń bẹ̀rù kí òun má baà fọ́. Èmi ti fọ́ ná. Inú iná ni wọ́n ti sun mí, òbúkọ kàn mí, òjò pa mí, oòrùn pa mí. Kí ló kù tí iná fẹ́ fi mí ṣe?"

"Kí lo fẹ́ gbà?"

"Àwọn ẹbí mi ṣì wà lórí ààtàn. Bí mo bá gbé iná dé, ẹ rán èèyàn padà lọ kó wọn wá. Ẹ tò wọ́n sí ilẹ̀ ààfin ní ìdúró, kí èjìká kan èjìká. Ó tẹ́ mi lọ́rùn kí ọba máa tẹ̀ wá mọ́lẹ̀ ju kí ìlú gbàgbé wa lọ."

Ọba gbà. Ẹyín iná mẹ́ta péré ló kù lábẹ́ agbádá ọba nígbà tí òjò dá, Àwẹ̀ró bu eérú sí Àpáàdì, ó sì kó wọn lé e. Ó gbóná o, kí n má parọ́ fún yín. Àpáàdì ń dúdú, ó ń gbóná, àmọ́ kò sán. Títí ilẹ̀ ọjọ́ kẹta fi mọ́, méjì ti kú, ọ̀kan ṣoṣo ló kù, kò sì ju ọmọ àgbàdo kan lọ. Àwẹ̀ró ń fi ẹnu fẹ́ ẹ bí ó ti ń rìn.

Baálẹ̀ Ọdẹ́ṣọlá ti jókòó létí odò, iná tirẹ̀ ń jó lala lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ó rí wọn láìrí ìkòkò kankan lórí ẹnikẹ́ni, ó rẹ́rìn-ín músẹ́.

"Ẹ káàbọ̀ o. Ṣé ẹ wá fọnná ni?"

"Rárá o, Baálẹ̀," ni Àwẹ̀ró dáhùn. "A mú tiwa dání."

Ó kúnlẹ̀, ó gbé Àpáàdì kalẹ̀, ó fi koríko gbígbẹ lé e, ó sì ń fẹ́ ẹ. Wọn kò rí nǹkan. Ó tún fẹ́ ẹ, èéfín tín-ín-rín kan gòkè, koríko sì gbiná. Baálẹ̀ wò ó títí, ó dìde, ó ṣí fìlà.

"Ẹ kú ilé o," ni ó wí, "ẹ̀yin ará Ìlámọ̀."

Àwẹ̀ró sunkún bí ọmọdé.

Ọba kò yẹ àdéhùn. Wọ́n kó gbogbo ẹbí Àpáàdì wá láti orí ààtàn, wọ́n sì to òun àti àwọn sí ilẹ̀ ààfin, èjìká kan èjìká. Ìkòkò ọba tí wọ́n ṣà lójú ọ̀nà náà wà láàárín wọn, ní ọ̀nà mẹ́ta, kò sì yangàn mọ́.

Ìlámọ̀ tuntun yẹn náà gbó nígbà tó yá, ó sì di igbó. Òjò jẹ odi, ikán jẹ òpó. Ọdẹ tó bá lé ẹran débẹ̀ yóò kàn ṣàdédé rí i pé ilẹ̀ tí a fi àpáàdì tò ń dún lábẹ́ ẹsẹ̀ òun. Àgbà kan á ní ọba báyìí-báyìí ló tò ó. Òmíràn á ní rárá, àwọn òrìṣà ló tò ó kí èèyàn tó dé ayé. Àwọn ọmọdé á hùmọ̀ tiwọn, wọ́n á ní òkété ló tò ó fún ìyàwó rẹ̀. Àpáàdì ń gbọ́ gbogbo rẹ̀, kò sì bá ẹnikẹ́ni jiyàn, nítorí ìlú tí a ṣì ń sọ ìtàn rẹ̀ kò tíì kú.

Láti ọjọ́ náà ni ara àpáàdì ti dúdú, tó sì jẹ́ pé òun la fi ń fọnná láti ilé dé ilé, a kì í lo ìkòkò tó ń dán. Bí ẹnikẹ́ni bá bi yín léèrè pé ta ló tó ko iná lójú, ẹ sọ fún un pé àpáàdì ni. Ó ti fọ́ kó tó bá iná pàdé.