Bahíjà àti Orin Ọba
Ní ọ̀sẹ̀ tí àwọn sójà lé ọba kúrò lórí oyè ní Káírò, ọ̀gágun kan pàṣẹ fún Bahíjà tó ń gé àwòrán fíìmù, tó sì ń lẹ̀ ẹ́ pọ̀, pé kò gbọdọ̀ yọ orin ìyìn ọba kúrò nínú fíìmù apanilẹ́rìn-ín tuntun, nítorí orin náà ni gbogbo ìlú ń retí. Ṣùgbọ́n ó ní bí ẹnikẹ́ni bá gbọ́ ìyìn ọba níbẹ̀, ẹ̀wọ̀n ni Bahíjà ń lọ. "Ó ti yé mi, ọ̀gá," ni Bahíjà wí. Ó yọ àwòrán ọba tí olórin inú fíìmù náà kọjú sí, ó fi kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ rọ́pò rẹ̀. Nílé sinimá, bí olórin ṣe ń kọ ọ́ pé, "Ẹlẹ́wà ayé, etí rẹ ń gbọ́ ẹkún mẹ̀kúnnù," ni kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ju etí méjèèjì. Ẹ̀rín sọ. Ọ̀gágun rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. "Bahíjà, ọba ni wọ́n ń yìn yẹn!" "Ẹ̀yin nìkan lẹ gbọ́ bẹ́ẹ̀, ọ̀gá. Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ni àwa yòókù rí." Lọ́jọ́ kejì, ọ̀gágun kó àwọn sójà rẹ̀ wá wò ó.