Kíjìpá Ìyá Àjàdí

Bí ẹ bá dé Òkè-Àgbàrá, ẹ ó gbọ́ tí wọ́n ń sọ pé, "Aṣọ lahunṣọ hun, kò sẹ́ni tó hun ihò." Ọ̀rọ̀ náà máa ń rú àlejò lójú. Ihò ṣáà wà lára aṣọ, gbogbo wa la fojú rí i. Báwo la ṣe wá ní kò sẹ́ni tó hun ún? Ẹ fara balẹ̀, inú ìjọ ni òwe yìí ti ṣẹ̀.

Tíṣà ìjọ nígbà náà ni Ẹlífásì, ọ̀mọ̀wé tó fẹ́ràn àtimáa gbọ́ ohùn ara rẹ̀. Ó ka ìwé kan nípa Mánì, ará Páṣíà àtijọ́, tó ní ẹlẹ́dàá méjì ló wà: ti ìmọ́lẹ̀ dá ohun rere, ti òkùnkùn dá ohun búburú, àwọn méjèèjì sì jọ ń jà. Àwọn baba ìjọ ìgbàanì ti wó ẹ̀kọ́ yìí palẹ̀ kí wọ́n tó bí bàbá ńlá Ẹlífásì, ṣùgbọ́n kò tíì ka ìwé náà débẹ̀.

Mórádéyọ̀, ìyàwó Àjàdí, gbé ọmọ rẹ̀ Ìbídùn wá fún ìrìbọmi. Ẹsẹ̀ òsì ọmọ náà rọ. Tíṣà wò ó, ó ní òun ò lè da omi mímọ́ sórí iṣẹ́ ọwọ́ ẹni òkùnkùn. Láti ọjọ́ náà ni ìyá ọmọ ti ń fi aṣọ wé ẹsẹ̀ yẹn, kì í sì í wojú ọmọ mọ́ tó bá ń fún un lọ́mú. Ó dun Ìyá Àjàdí, ìyá ọkọ rẹ̀, wọra. Ahunṣọ ni ìyá náà.

Nígbà tó di ọjọ́ Ìsinmi, ó dìde nínú ìjọ, ó tẹ́ kíjìpá gbígbó kan síwájú Tíṣà, ó ní ta ló hun ihò àárín rẹ̀. Tíṣà ní ẹni òkùnkùn ni.

"Ẹ yọ ihò náà kúrò lára aṣọ, kí ẹ gbé e lé mi lọ́wọ́."

Tíṣà yí aṣọ síwá, ó yí i sẹ́yìn, ó ní kò ṣeé yọ.

"Kò ṣeé yọ, torí kì í ṣe nǹkan. Òwú tó yẹ kó wà níbẹ̀ ni kò sí. Èmi nìkan ni mo hun aṣọ yìí, Tíṣà. Ẹsẹ̀ ọmọ mi náà, agbára ló kù díẹ̀ níbẹ̀. Ẹsẹ̀ fúnra rẹ̀, Ọlọ́run ló dá a."

Ó tún bi í pé, bí òkùnkùn bá lè ṣe Ọlọ́run léṣe, ṣé Ọlọ́run nìyẹn? Bí kò bá sì lè ṣe é ní nǹkan kan, kí ni wọ́n ń jà sí?

Ẹlífásì nu òógùn ojú. Ó ní òun jẹ̀bi, ó sì ní kí wọ́n bu omi wá. Mórádéyọ̀ tú aṣọ tó fi wé ẹsẹ̀ ọmọ, ó gbé ọmọ náà síwájú, ó sì fi ọwọ́ gbá ẹsẹ̀ òsì náà mú títí omi fi kán sí i lórí.

Títí dòní, bí ẹnìkan bá na ìka sí àbùkù ara ọmọ ní Òkè-Àgbàrá, ìyá ọmọ á wò ó lójú, á ní: aṣọ lahunṣọ hun, kò sẹ́ni tó hun ihò.