Atukọ̀ Tó Ń Já Ọ̀rọ̀ Gbà Lẹ́nu Ìyàwó Rẹ̀

Ọkùnrin kan wà létí ọ̀sà, atukọ̀ ni. Ọpọlọ rẹ̀ yá bí iná inú ọyẹ́. Bí ìtì igi bá wà lábẹ́ omi, kí àwọn èrò tó rí i, ó ti yí ọkọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ní ọjọ́ kan, ìjì ká wọn mọ́ ojú omi. Àwọn kan ń kígbe, àwọn kan ń gbàdúrà, àwọn ọkùnrin sì ń bá ara wọn jiyàn lórí ibi tó yẹ kí wọ́n gbà. Kí iyàn náà tó parí, atukọ̀ ti rí ibi tí koríko etí omi ti ga, ó ti wa ọkọ̀ wọ inú rẹ̀, ó ti so ó mọ́lẹ̀. Kò sẹ́ni tó bómi lọ. Láti ọjọ́ náà ni gbogbo ìlú ti ń sọ pé kò sẹ́ni tó gbọ́n tó o. Òun náà sì gbà bẹ́ẹ̀.

Ìyàwó rẹ̀ kò rí bẹ́ẹ̀. Bí o bá bi í léèrè ọ̀rọ̀, yóò kọ́kọ́ dákẹ́. Yóò wo ilẹ̀, yóò wo òkè, kó tó wá máa mú ọ̀rọ̀ jáde díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tó ń yọ eegun lára ẹja kó tó fún ọmọdé jẹ. Ṣùgbọ́n ọkọ rẹ̀ kì í lè ní sùúrù dé ibẹ̀. Bí obìnrin náà bá ti sọ ìdajì, ọkọ á já ìyókù gbà lẹ́nu rẹ̀.

"Ìyá Ọmọ́lará, mo ti mọ ohun tí o fẹ́ sọ," ni yóò wí. "Bí a bá ní ká dúró dè ọ́, ilẹ̀ á ṣú."

Ó fẹ́ràn ìyàwó rẹ̀ o. Ó kàn gbà pé ẹni tí ọpọlọ rẹ̀ kò bá yára, òye rẹ̀ kò lè jinlẹ̀ ni.

Ìyá atukọ̀ yìí ń gbé lódìkejì ọ̀sà, lọ́dọ̀ ọmọ rẹ̀ obìnrin. Ó ti pẹ́ tí nǹkan funfun ti bo ẹyinjú ìyá, tí kò ríran mọ́. Ohùn ló fi ń dá àwọn ọmọ rẹ̀ mọ̀. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan tí atukọ̀ wà lójú omi, ẹnìkan ti ọ̀dọ̀ ìyá wá jíṣẹ́ fún ìyàwó, ó sì bá tirẹ̀ lọ. Bí ọkọ ti gúnlẹ̀ báyìí, ìyàwó lọ pàdé rẹ̀.

"Bàbá Ọmọ́lará," ló fi bẹ̀rẹ̀, "wọ́n ránṣẹ́ wá láti ọ̀dọ̀ Ìyá. Ojú wọn..."

Ó dánu dúró. Ó ń wá bí yóò ṣe sọ ọ́ kó lè dùn létí ọkọ rẹ̀ bó ṣe dùn mọ́ òun.

Ọkọ kò dúró. "Wọ́n ti pajú dé! Yéè! Ìyá mi ti lọ!"

Ó káwọ́ lérí, ó sáré gba inú ìlú lọ. Kí ìyàwó tó gbẹ́sẹ̀, ó ti kó ẹbí jọ. Àwọn obìnrin tú gèlè, àwọn àgbà wá aṣọ dúdú wọ̀, wọ́n kún inú ọkọ̀ bámúbámú. Ìyàwó náà wọ ọkọ̀, ó jókòó sẹ́yìn. Ó lanu, ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, kì í ṣe..." Ẹkún bo ohùn rẹ̀. Ó tún gbìyànjú, ni ìyá àgbà kan bá dì mọ́ ọn.

"Pẹ̀lẹ́, ìyàwó wa. Sunkún, má pa á mọ́ra."

Ó bá dákẹ́. Atukọ̀ ń tukọ̀, ó ń sunkún, ó ń ki ìyá rẹ̀ lóríkì bí ẹkún ti ń gbọ̀n ọ́n.

Bí wọ́n ti ń súnmọ́ èbúté, obìnrin arúgbó kan dúró létí omi, ó fi ọwọ́ ṣíji bo ojú nítorí oòrùn. Ó ń gbọ́ oríkì ara rẹ̀ lórí omi.

"Ta ló kú?" ló ké sí wọn.

"Ìyá wa ni!" ni atukọ̀ dáhùn láìgbójú sókè.

"Ìyá yín wo?"

Atukọ̀ wòkè. Àjẹ̀ já bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Àwọn kan ti fẹ́ bẹ́ sómi, wọ́n ṣebí òkú ló jí.

"Èmi kì í ṣòkú o!" ni ìyá wí. "Àwọn dókítà ojú ló wá sí ìlú wa, wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ fún mi, ojú mi sì ti là. Mo ní kí o wá kí n rí ojú rẹ. Ṣé ojú tí o gbé wá fún mi nìyí?"

Ojú ọ̀hún kún fún omijé àti ikun. Atukọ̀ dọ̀bálẹ̀ gbalaja sínú ẹrẹ̀. Ìyá fà á dìde, ó fi ọwọ́ méjèèjì di ojú rẹ̀ mú, ó wò ó títí.

"O ti hu ewú," ló sọ jẹ́ẹ́. Lẹ́yìn náà ló bú sẹ́rìn-ín. "Ìyàwó mi, báwo ni mo ṣe kú?"

Gbogbo ojú yí sí ìyàwó. Ìyàwó dákẹ́. Ọkọ rẹ̀ lanu: "Ohun tó fẹ́ sọ ni pé..."

Ìyá fi àtẹ́lẹwọ́ bò ó lẹ́nu. "Òun ni mo bi."

Wọ́n dúró. Wọ́n dúró títí omi tó ń kán lára ọkùnrin náà fi dáwọ́ dúró. Ìyàwó wá sọ̀rọ̀.

"Ìyá, 'ojú wọn ti là' ni mo fẹ́ sọ. 'Ojú wọn' nìkan ni mo tíì sọ tí ọmọ yín fi gbà á lẹ́nu mi, tó gbé e sáré. Ìyókù ṣì wà lẹ́nu mi títí di ìsinsìnyí."

Ẹ̀rín gba èbúté kan. Àwọn aláṣọ dúdú rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi ń di ara wọn mú.

Nígbà tí wọ́n ń padà sílé, atukọ̀ bi ìyàwó rẹ̀ pé, "Kí la lè ṣe fún Ìyá báyìí?" Ó sì pa ẹnu mọ́. Kò rọrùn. Ó ń mi ẹsẹ̀ bí ẹni tí ìtọ̀ ń gbọ̀n. Nígbà tó yá, ìyàwó ní kí wọ́n mú Ìyá wá sọ́dọ̀ wọn fún ìgbà díẹ̀, torí àwọn ọmọ-ọmọ wà nílé tó jẹ́ pé ohùn wọn nìkan ni Ìyá mọ̀. Ọ̀rọ̀ náà kò wá sí atukọ̀ lọ́kàn rí, pẹ̀lú gbogbo yíyá ọpọlọ rẹ̀.

Ọpọlọ tìrẹ náà yá, ọ̀rẹ́ mi tí mo ń sọ ìtàn yìí fún. Dúpẹ́. Àwọn tó ń wádìí ọpọlọ sọ pé ti ẹnìkan máa ń yára ju ti ẹlòmíràn lọ, àti pé ìyára náà ń ran òye lọ́wọ́. Wọn kò sọ pé òun gan-an ni òye. Ìwọ àti ìyàwó rẹ wá sọ́dọ̀ mi, o ní kò ní làákàyè. Mo bi í ní ìbéèrè níwájú rẹ, ìwọ lo dáhùn. Mo tún bi í, ìwọ náà ni. Padà sílé. Bi í léèrè ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀, kí o sì dákẹ́ títí yóò fi parí rẹ̀. Nígbà náà ni kí o wá sọ fún mi ẹni tí kò ní làákàyè.