Ìkíni Tí Kò Parí

Ọ̀gágun Wíńdàmù ti sáré dé etí odò, sójà méjì sì gbé ẹnì kẹta wọn, tí ibà dá dùbúlẹ̀, tẹ̀ lé e. Òdìkejì odò ni dókítà wà, omi sì ń kún. Ọmọ ìjòyè ńlá ni ọ̀gágun yìí nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Àṣẹ pípa ti mọ́ ọn lẹ́nu.

"Ìwọ, dìde! Tu ọkọ̀!" Bó ṣe fi Yorùbá díẹ̀ tó gbọ́ jágbe mọ́ Bàbá Ọdẹ́wálé atukọ̀ nìyẹn.

Bàbá kò dìde. Àwọ̀n tó ń hun ló ń hun lọ, àmọ́ ojú rẹ̀ lọ sí apó ọfà tó fi kọ́ ara òpó.

Sójà kan rọra sọ pé, "Ọ̀gá, a kì í pe àgbà ní ìwọ. Ẹ kọ́kọ́ kí wọn."

Ọ̀gágun wo aláìsàn tí ara rẹ̀ ń gbọ̀n. Ó ṣí fìlà, ó tẹríba.

"Bàbá, ẹ kú..." Ó gbàgbé èyí tó kù. "Ẹ kú!"

Bàbá bú sẹ́rìn-ín. "Kí n kú kẹ̀? Ta ni yóò wá tu yín kọjá? Ẹ kú ìjókòó ni, ọmọ mi."

"Ẹ kú ìjókòó, bàbá. Ẹ jọ̀ọ́."

Bàbá yọ obì lápò, ó ya á, ó fún un ní awẹ́ kan. "Ṣé o rí i? Ọ̀rọ̀ rere ní ń yọ obì lápò, ọ̀rọ̀ líle ní ń yọ ọfà lápó. Ẹ gbé aláìsàn yín sínú ọkọ̀."

Nígbà tí wọ́n gúnlẹ̀, àwọn sójà sáré gbé aláìsàn lọ sọ́dọ̀ dókítà. Ọ̀gágun ju obì sẹ́nu. Ó korò, ojú rẹ̀ hunjọ, ṣùgbọ́n kò tu ú dànù. Ó ṣí fìlà fún bàbá, ó sì tẹ̀ lé wọn lọ.